Ọbẹ̀ Aago Mẹ́rin Bàbá Tanabe

Ọmọ́lẹ́wà kì í rí ìran. Ní ìjọ Aládùúrà tó ń lọ ní Dagenham nílùú Òyìnbó, tí ẹ̀mí bá ń gbé àwọn yòókù, òun a wà ní kíṣìnì, a máa ka ife. Nítorí náà, ohun tó ṣojú rẹ̀ lóṣù Kejìlá tó kọjá, bó ṣe ṣẹlẹ̀ gan-an nìyí. Ẹnikẹ́ni kò fi ata sí i, kò sì fi iyọ̀ sí i.

Iṣẹ́ rẹ̀ ni kó máa lọ tọ́jú àwọn àgbàlagbà nínú ilé wọn. Ọ̀kan nínú wọn ni Bàbá Tanabe, ará Japan, ẹni ọdún mẹ́tàdínláàádọ́rùn-ún, tó ń dá gbé ní Beam Park, lórí ilẹ̀ ilé-iṣẹ́ mọ́tò àtijọ́ tí bàbá ìyàwó rẹ̀ ti ṣiṣẹ́ rí. Ìyàwó náà ti kú. Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n jọ ń sọ, ṣùgbọ́n "Bàbá" ni Ọmọ́lẹ́wà ń pè é, ó sì ń jẹ́ ẹ.

Ogójì ọdún ló fi kọ ìtàn sinimá adẹ́rùbani ní Tokyo. Ẹranko ńlá tó ń jáde látinú òkun. Iwin. Òkú tó ń kan ilẹ̀kùn. Àwọn olówó ilé-iṣẹ́ ló ń sọ ohun tó máa kọ; ẹlòmíì ló ń gba ìyìn. Èyí tó tà jù ni ti obìnrin kan tó kú lójú ọ̀nà rélùwéè, tó wá ń padà wálé wá jẹun.

"Mo fẹ́ kó sinmi lẹ́yìn àkọ́kọ́," Bàbá sọ lọ́jọ́ kan. "Wọ́n ní rárá, ó ń tà. Ẹ̀ẹ̀mẹfà ni mo jí i dìde."

"Ẹ̀ẹ̀mẹfà! Bàbá, ẹ ò ṣàánú ẹ̀ rárá."

"Obìnrin tó ń ṣe é nínú sinimá kú lẹ́yìn ìkejì. Mo ti kọ ìkẹta tán."

"Ta ló wá ṣe ìkẹta?"

Bàbá mu tíì rẹ̀. "Òun náà ni."

Ọmọ́lẹ́wà bú sẹ́rìn-ín. Ó rò pé àwàdà àwọn onísinimá ni.

Ní ilé kọ̀ọ̀kan, ìwé kan wà tí àwọn olùtọ́jú gbọ́dọ̀ kọ ohun tí wọ́n bá níbẹ̀ sí. Ohun tí wọ́n bá ti kọ, wọn kò gbọdọ̀ pa á rẹ́, wọn kò gbọdọ̀ fà á ya. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ ń lé wọn, bọ́ọ̀sì kì í sì í dúró de ẹnikẹ́ni, torí náà àwọn kan a máa kọ ti ìrọ̀lẹ́ sílẹ̀ láàárọ̀. Ọmọ́lẹ́wà wà lára wọn. Láàárọ̀ Ọjọ́bọ̀ kan, ó kọ ọ́: Aago mẹ́rin. Mo bá Bàbá lórí àga. Ó jẹ ọbẹ̀ rẹ̀ tán. Ó rẹ́rìn-ín.

Bàbá ń wò ó. "O ti ń kọ sinimá báyìí?"

"Ẹ jọ̀ọ́, Bàbá, iṣẹ́ ti pọ̀ jù."

"Ẹni tó kọ ọ́ kọ́ ló máa ṣe é." Ohùn rẹ̀ lọ sílẹ̀. "Ẹlòmíì ni."

Ní aago kan ọ̀sán ọjọ́ yẹn, fóònù dún. Rahmah ni, ọmọbìnrin tó ń lọ bá Bàbá lọ́sàn-án.

"Àǹtí, ẹ wá ibì kan jókòó sí. Bàbá ti lọ."

"Lọ sí ibo?"

"Wọ́n ti kú, Àǹtí mi. Dókítà ti wá. Àwọn tó ń gbé òkú máa dé ní aago márùn-ún."

Ọmọ́lẹ́wà sunkún. Lẹ́yìn náà ló rántí ìwé yẹn. Òkú tó jẹ ọbẹ̀ tán! Wọ́n á lé òun lẹ́nu iṣẹ́.

Kí aago mẹ́rin tó lù, ó ti débẹ̀. Ilẹ̀ ti ṣú, bó ṣe máa ń tètè ṣú níbẹ̀ lóṣù Kejìlá. Rahmah sọ̀ kalẹ̀ lọ kírun Màgàríbì nínú mọ́tò rẹ̀. Ilé dákẹ́. Fíríìjì nìkan ló ń kùn. Nínú yàrá, aṣọ funfun bo Bàbá látorí dé ẹsẹ̀. Ọmọ́lẹ́wà ṣí ìwé.

Fíríìjì dákẹ́.

Bẹ́ẹ̀dì dún. Lẹ́yìn rẹ̀, ẹsẹ̀. Ẹsẹ̀ méjì, láìwọ bàtà.

Bàbá jáde wá. Ojú rẹ̀ là, kò wo ibì kan. Ó jókòó sórí àga.

Ọmọ́lẹ́wà fẹ́ ké, ohùn kò jáde. Ó fẹ́ sá, ẹsẹ̀ kò gbà. Ọwọ́ òun fúnra rẹ̀ ló gbé ọbẹ̀ ka iná, tó sì gbé e síwájú Bàbá. Ọbẹ̀ ń hó, Bàbá kò fẹ́ atẹ́gùn sí i. Ó jẹ ẹ́ tán. Ó rẹ́rìn-ín. Kò sí èémí nínú ẹ̀rín náà.

"Kí lo kọ tẹ̀lé e?" ó bi í.

Ọmọ́lẹ́wà ṣí ojú ewé kejì. Ìgbà yẹn ló rántí. Àjọ̀dún ìjọ bọ́ sí òpin ọ̀sẹ̀ náà, ó sì ti kọ ti ọjọ́ Ẹtì, ti Sátidé àti ti Àìkú sílẹ̀. Bíi ti àná. Bíi ti àná. Bíi ti àná.

Bàbá fi ìka kà á. "Mẹ́ta sí i."

Ọmọ́lẹ́wà ki bírò mọ́lẹ̀, ó fẹ́ pa á rẹ́. Bàbá di ọwọ́ rẹ̀ mú. Ọwọ́ Bàbá tutù bí irin.

"Mo pa ìkẹta rẹ́ nígbà yẹn. Obìnrin náà ṣì wá síbi iṣẹ́. Ó máa ń bi mí, ìgbà wo ni màá jẹ́ kí òun sinmi."

"Bàbá, ẹ forí jì mí. Kí ni kí n ṣe?"

Nígbà tí àwọn tó ń gbé òkú kan ilẹ̀kùn ní aago márùn-ún, Bàbá dìde, ó padà lọ dùbúlẹ̀, ó sì fa aṣọ bo ojú ara rẹ̀.

Lọ́jọ́ Ẹtì, nínú yàrá tó ń gbé ní àdúgbò Whalebone, Ọmọ́lẹ́wà gbé ọbẹ̀ ka iná, nítorí kò mọ ohun mìíràn tó lè ṣe. Ó gbé abọ́ síwájú àga òfìfo. Ní aago mẹ́rin, ọbẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í lọ sílẹ̀ nínú abọ́, díẹ̀díẹ̀. Bẹ́ẹ̀ náà ni lọ́jọ́ Sátidé. Lọ́jọ́ Àìkú, ìjọ ń ṣe àjọ̀dún. Òun wà nílé, ó ń wo abọ́.

Nígbà tó di ọjọ́ Mọ́ńdè, ó fọ abọ́ náà, ó gbé e pamọ́. "Bàbá, ẹ sinmi o," ó ní.

Aago mẹ́rin ku ìṣẹ́jú márùn-ún ni Rahmah pè.

"Àǹtí, ìwé Bàbá wà lọ́wọ́ mi ní ọ́fíìsì. Ìgbà wo lẹ kọ ti ọ̀sẹ̀ yìí?"

"Mi ò kọ ọ́. Àìkú ni mo kọ ọ́ dé."

"Ìkọ̀wé yín ni, Àǹtí. Bíi ti àná, bíi ti àná, títí dé ojú ewé tó gbẹ̀yìn."

Ọmọ́lẹ́wà wo aago. Ó gbé fóònù kalẹ̀, ó sì lọ gbé abọ́ náà jáde.