Ta Ló Ń Sọ̀rọ̀ Lẹ́nu Màmá Àgbà?

"Ta ló ń sọ̀rọ̀ lẹ́nu mi yìí?"

Màmá àgbà tẹjú mọ́ fóònù. Òun náà rèé nínú àgbá, tó ń fi ẹsẹ̀ tẹ ẹ̀fọ́ oníyọ̀ mọ́lẹ̀ bí àwọn ará Gongguan, ìlú wọn ní Taiwan, ti í ṣe lẹ́yìn ìkórè ìrẹsì. Ṣùgbọ́n ohùn ọmọge ló ń jáde, èdè Mandaríìnì ló sì ń sọ.

"Èmi ni, Màmá," ni Shu-Han, ọmọ-ọmọ rẹ̀, dáhùn. "Fíìmù tí mo fẹ́ fi du ìdíje tẹlifíṣàn ìjọba ni. Gbogbo Taiwan ló máa wò ó. Ta ló fẹ́ gbọ́ Hakka, èdè ilé wa?"

Òótọ́ ibẹ̀ ni pé àwọn ọmọ kíláàsì rẹ̀ ti fi èdè màmá àgbà ṣe yẹ̀yẹ́, ojú sì tì í. Ó pa ohùn àgbà náà rẹ́ pátápátá, ó fi tirẹ̀ rọ́pò.

"Ó dáa bẹ́ẹ̀," ni màmá àgbà wí, ó dìde. "Ẹni inú fóònù yẹn mọ ọ̀rọ̀ í sọ jù mí lọ."

Ọ̀rọ̀ náà dun Shu-Han wọra. Odindi ọjọ́ mẹ́ta ni màmá àgbà ò fi bá a sọ ju "wá jẹun" lọ. Nígbà tó bẹ̀ ẹ́ pé kí wọ́n tún fíìmù náà yà, ó ní òun ò ní ohùn mọ́. Ọ̀la sì ni ìdíje máa parí.

Shu-Han bá ra ẹ̀fọ́ tó ṣẹ́ kù lọ́jà. Ó fọ ẹsẹ̀, ó wọ inú àgbá, ó ní kí Bo-Yan ọ̀rẹ́ rẹ̀ máa ya òun. Kò pẹ́ tí màmá àgbà fi já jáde láti ilé ìdáná.

"Ṣé ijó lò ń jó ni, àbí ẹ̀fọ́ lò ń tẹ̀? Iyọ̀ dà? Gìgísẹ̀, mo ní gìgísẹ̀! Ìyá mi ì bá ti fi igi gbá ọ lójúgun!"

Hakka pọ́ńbélé ló fi ń bú u. Bó ṣe ń bú u ló ń kọ́ ọ, bó ṣe ń kọ́ ọ ló ń rántí ìyá rẹ̀, títí ẹ̀rín fi gba ẹnu rẹ̀.

"Màmá, Bo-Yan ti ya gbogbo rẹ̀ o. Ṣé kí n fi ránṣẹ́?"

Àgbà náà na ìka sí i. "Fi ránṣẹ́. Ṣùgbọ́n o ò gbọdọ̀ yọ èébú kankan kúrò!"

Ní ìrọ̀lẹ́ yẹn, màmá àgbà ń túmọ̀ ọ̀rọ̀ Hakka tí kò yé Shu-Han, òun náà ń kọ ìtumọ̀ rẹ̀ sí ìsàlẹ̀ àwòrán. Wọn ò tíì jọ sọ̀rọ̀ pẹ́ tó bẹ́ẹ̀ rí.

Ipò kẹta ni fíìmù náà gbà. Lọ́jọ́ kejì tí tẹlifíṣàn gbé e jáde, ọmọ tó ṣe yẹ̀yẹ́ jù ní kíláàsì rọra wá bá Shu-Han.

"Jọ̀ọ́, báwo lo ṣe bẹ̀rẹ̀? Ìyá bàbá mi náà ní èdè tiwọn. Mi ò bá wọn sọ ọ́ rí."

"Lọ jókòó tì wọ́n," ni Shu-Han wí. "Dígí tí gbogbo orílẹ̀-èdè fi ń wo ara rẹ̀ ni tẹlifíṣàn. Tí a bá fi àwọn ará ilé wa pamọ́, ta ló máa bá wa gbé wọn síbẹ̀?"