Irọ́ Kan Tí Fúnlọ́lá Kò Pa

Ìró òòlù ló mú Awóníyì dé ìdí àpáta tó wà nínú oko kòkó bàbá rẹ̀, lẹ́yìn abúlé Òkè-Ogbó. Obìnrin kan tó wọ bàtà rọ́bà ló bá níbẹ̀. Ó ń lu àpáta, ó sì ń gbé èérún rẹ̀ yẹ̀ wò.

"Ẹ jọ̀ọ́, kí ni àpáta wa ṣe yín?"

Obìnrin náà bú sẹ́rìn-ín. "Mò ń wò ó bóyá ó lè pa nǹkan mọ́ ni."

Fúnlọ́lá lorúkọ rẹ̀. Onímọ̀ nípa ilẹ̀ àti àpáta ni, yunifásítì ló ti ń ṣiṣẹ́. Ó ṣàlàyé pé irin olóró kan wà tó ń tú ìtànṣán jáde, òun ni ilé ìwòsàn fi ń wo jẹjẹrẹ. Tí wọ́n bá lò ó tán, oró rẹ̀ kì í tètè tán. Àpáta tí kò là rárá ló ń wá, níbi tí wọ́n lè rì í sí, tí omi ò ní kàn án láéláé.

Tíṣà ni Awóníyì, kò sì rí ẹni tó ń fi ìfẹ́ sọ̀rọ̀ òkúta báyẹn rí. Kí òjò ọdún náà tó dá, ìfẹ́ ti kó sí wọn lára.

Àmọ́ ìròyìn iṣẹ́ Fúnlọ́lá kárí abúlé. "Ẹni tó fẹ́ sin májèlé sílẹ̀ wa lo fẹ́ fi ṣaya?" ni bàbá Awóníyì ń pariwo. Lọ́dọ̀ Fúnlọ́lá, ọ̀gá rẹ̀ kò jẹ́ kó sinmi, pé kó ṣáà kọ ọ́ pé àpáta náà dára. Ọ̀rọ̀ náà sú àwọn méjèèjì. Tí wọ́n bá ti jókòó pọ̀, ìjà ni.

Níkẹyìn, wọ́n gbé ẹ̀rọ wá gbẹ́ àpáta náà. Ó ti là nísàlẹ̀, omi ń gba inú rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ gan-an ni Fúnlọ́lá kọ ọ́. Ọ̀gá rẹ̀ bínú, wọ́n sì kó iṣẹ́ kúrò níbẹ̀.

Inú Awóníyì dùn, ó mú Fúnlọ́lá lọ kí àwọn òbí tirẹ̀. Bàbá tilẹ̀ ní kí wọ́n gbé àga fún un.

"Ọmọ mi, ká ní àpáta yẹn dára ńkọ́? O ò ní jẹ́ kí wọ́n sin nǹkan yẹn sílẹ̀ wa, àbí?"

Awóníyì fojú bẹ̀ ẹ́. Fúnlọ́lá kúnlẹ̀.

"Màá jẹ́ kí wọ́n sin ín síbẹ̀, bàbá. Ibì kan ló gbọ́dọ̀ wà. Yàrá kan lẹ́bàá títì ni wọ́n kó o sí báyìí, ẹ̀gbẹ́ ẹ̀ sì làwọn ọmọdé ń gbà lọ síléèwé."

Bàbá dìde. "Jáde nílé mi!"

Níta, omi ti lé sójú Awóníyì. "Irọ́ kan ṣoṣo, olólùfẹ́ mi! Kí ló dé tí o ò lè pa á?"

"Irọ́ kan ṣoṣo náà ni ọ̀gá mi bẹ̀ mí pé kí n pa. Ká ní mo pa á ni, omi tí ẹ̀ ń mu ì bá ti bàjẹ́."

Ìgbà yẹn ni ìyá Awóníyì jáde sí wọn. Jẹjẹrẹ ọmú ti ṣe ìyá yìí rí; irú irin bẹ́ẹ̀ ni wọ́n fi wò ó sàn.

"Ohun tó sọ ò dùn mọ́ mi," ni ìyá wí. "Àmọ́ mo wà lára àwọn tí nǹkan yẹn ṣe lóore. Bàbá ẹ ò ní bá ọ lọ tọrọ ìyàwó. Èmi á bá ọ lọ."

Ó padà wọlé. Awóníyì yíjú sí Fúnlọ́lá.

"Inú ṣì ń bí mi sí ọ o. Á ṣì máa bí mi lọ́la."

"Mo mọ̀."

"Ọjọ́ wo làwọn òbí ẹ máa ń wà nílé ní Ìlódè?"