Ẹ̀sùn Aṣọ́bodè

"Ẹ jẹ́ kí a jẹ iṣu tuntun ná," Màmá àgbà sọ. "Kí a tó jẹ ẹ́, a kì í sọ ìtàn ẹnubodè yìí. Bí mo ṣe bá a nìyẹn."

Mùsíé Barnabé wo ẹnubodè náà: ògiri amọ̀ méjì tí òjò ti jẹ, àti ilẹ̀kùn igi kan tí kò ṣeé tì mọ́. Kútọnu ni ó ti wá sí abúlé yìí, nítòsí Kpankou, láti fi sinimá ya àwọn ohun àtijọ́ kí wọ́n tó parun. Òmìnira lọ́wọ́ àwọn òyìnbó kò tí ì pé ọdún mẹ́ta. Ọ̀nà tuntun ń bọ̀, yóò sì gba orí ẹnubodè náà kọjá.

"Ìyá, bí kò bá sí ẹlòmíràn tó mọ̀ ọ́n, n ó padà wá lásìkò iṣu," ni ó wí.

Nígbà tí Màmá àgbà wọlé, Clémence fi ìgbọ̀nwọ́ gún ọ̀rẹ́ rẹ̀, Sidonie, ọmọ-ọmọ arúgbó náà. "Ìwọ ńkọ́? Ṣé ojú arúgbó ni wọn ó máa wò ní Kútọnu, kí tìrẹ máa wo agbada gààrí níbí?"

Ọdọọdún ni Sidonie ń gbọ́ ìtàn náà. Ọdọọdún ni ó sì ń sá kúrò lágbedeméjì lọ ṣeré. Kò mọ òpin rẹ̀.

"Mo mọ̀ ọ́n, Mùsíé," ni ó wí.

Ó dúró níwájú ẹ̀rọ sinimá, ẹnubodè wà lẹ́yìn rẹ̀. Nígbà tí ó dé ibi tí ìmọ̀ rẹ̀ mọ, kò dákẹ́. Ó ní aṣọ́bodè ìgbà ogun àtijọ́ gba owó ẹyọ lọ́wọ́ ọ̀tá, ó sì ṣílẹ̀kùn fún wọn. Agboolé Èṣùgbàyí ni aṣọ́bodè ti wá. Firmin, ọmọ agboolé náà, ni ó ń jókòó ti Sidonie ní kíláàsì. Sidonie kò rò ó débẹ̀.

Mùsíé Barnabé di ẹrù rẹ̀. Kò ní ìdí láti padà wá mọ́.

Iṣu tuntun dé, wọ́n sì jẹ ẹ́. Màmá àgbà jókòó sẹ́nubodè láti òwúrọ̀.

"Àlejò wa kò tí ì dé?"

"Kò tí ì dé, Màmá," Sidonie dáhùn.

Nígbà tí oòrùn rọlẹ̀, ó sọ ìtàn náà. Àwọn yòókù gbọ́ díẹ̀, wọ́n lọ jẹun. Sidonie nìkan ni ó gbọ́ ọ dé òpin. Aṣọ́bodè kò ṣílẹ̀kùn. Ó ti ilẹ̀kùn, òun alára wà lóde, kí àwọn ará abúlé lè ráyè sá. Ibẹ̀ ni wọ́n pa á sí.

Katakata tí ń la ọ̀nà tuntun wó ẹnubodè. Nígbà ọyẹ́, Màmá àgbà kú.

Lẹ́yìn náà ni wọ́n fi sinimá náà hàn lára ògiri ilé ẹ̀kọ́.

"Firmin, ọmọ aṣílẹ̀kùn!" Clémence ni ó kọ́kọ́ pè é bẹ́ẹ̀. "Èló ni wọ́n san fún bàbá ńlá yín?" Baba Firmin ní irọ́ ni, ṣùgbọ́n àwọn ará abúlé ní kí ni ì bá tún sọ? Àwọn tó fẹ́ fẹ́ ẹ̀gbọ́n Firmin obìnrin kò wá mọ́.

Sidonie kúnlẹ̀ níwájú Làmídì, olórí abúlé. "Irọ́ ni mo pa, Bàbá."

"Dìde, ọmọ mi. Àánú Firmin ló ń ṣe ọ́. A fi ojú wa rí ọ, a fi etí wa gbọ́ ọ. Ta ni ẹlẹ́rìí rẹ?"

Ẹlẹ́rìí rẹ̀ ti wà nínú ilẹ̀.

Firmin fi ilé ẹ̀kọ́ sílẹ̀. Ní ọjọ́ tí ó ń lọ sí Nàìjíríà, Sidonie sáré bá a lójú ọ̀nà tuntun.

"Firmin, dákun. Mo ti mọ òpin rẹ̀ báyìí."

"Lọ sọ ọ́ fún ẹ̀rọ," Firmin wí. Kò bojú wẹ̀yìn.

Àwọn àgbà ní bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ yóò lé e bá. Ní abúlé yìí, kò lé e bá. Ẹni tí kò bá mọ ọ̀rọ̀ dé òpin, kí ó sọ pé òun kò mọ̀ ọ́n. Ìtìjú ọjọ́ kan ni. Irọ́ tí Sidonie fi sá fún un, ẹlòmíràn ni ó ń jìyà rẹ̀.