Egbò Tí Kò Dunni

"Ọ̀bẹ! Ọ̀bẹ dà? Ẹ̀yin wọ̀nyí, ṣé ẹ fẹ́ kó kú mọ́ mi lọ́wọ́ ni?"

Bọ̀dá Rájí ló ń pariwo bẹ́ẹ̀, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ojú irin ní Òṣòdì, láàárọ̀ ọjọ́ Jímọ̀ kan lọ́dún 1975. Màlúù kan tó bá ọkọ̀ ojú irin wọlé láti òkè ọya ló ṣubú. Ó ń gbọ̀n, ẹ̀jẹ̀ ń jáde nímú rẹ̀. Bàṣírátù, ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún, dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó gbé báàfù dání. Ìyá rẹ̀ ń ṣe pọ̀nmọ́ tà ní ọjà Bọ́ládé, awọ ẹran ni wọ́n ní kó wá gbà lọ́wọ́ Bọ̀dá Rájí, alápatà tó jẹ́ àbúrò bàbá rẹ̀ tó ti kú.

Wọ́n rí ọ̀bẹ. Bọ̀dá Rájí ṣe bísímílà, ó sì dú màlúù náà nígbà tó kù díẹ̀ kí ẹ̀mí bọ́ lára rẹ̀. Inú gbogbo wọn dùn. Lójú tiwọn, tí ọ̀bẹ bá ti ṣáájú ikú, kì í ṣe òkú ẹran mọ́, ó ti mọ́, èèyàn lè jẹ ẹ́. Bí wọ́n ṣe ń ṣe é nìyẹn, kò sẹ́ni tó ń bèèrè ohun tó ń ṣe màlúù náà tẹ́lẹ̀.

Ṣùgbọ́n Bàṣírátù ń wo ẹ̀jẹ̀ tó dà sílẹ̀. Ó dúdú bí ọ́ìlì mọ́tò tó ti gbó. Ọmọbìnrin náà dúró, dúró, ẹ̀jẹ̀ ò dì.

"Bọ̀dá, ẹ̀jẹ̀ yìí ò dì o."

"Ta ló bi ọ́? Àbí o ti di tísà ẹ̀jẹ̀ ni?" Àwọn alápatà tó kù bú sẹ́rìn-ín. Bọ̀dá Rájí ju awọ náà sínú báàfù rẹ̀. "Gbé e, kó o máa lọ. Ẹnikẹ́ni tó bá bi ọ́, màlúù yìí fi ẹsẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin rìn wá síbí. Wolé-wolé sì ti yẹ̀ ẹ́ wò, ó ti lù ú lóǹtẹ̀. Ṣó o gbọ́?"

"Wolé-wolé ò mà tíì dé..."

"Bàṣírá! Ta ló ń bọ́ yín láti ìgbà tí bàbá ẹ ti kú? Ṣó o fẹ́ kí wọ́n ti ìsọ̀ mi pa ni? Kí ìyá ẹ wá jẹ kín ni?"

Ọ̀rọ̀ náà bí Bàṣírátù nínú, àmọ́ ẹ̀rù ń bà á ju bí inú ṣe ń bí i lọ. Ó gbé báàfù rù.

Ní Ìsọlọ̀, ilé olójúlé mẹ́wàá ni wọ́n ń gbé. Àwọn Tísà Abórìṣàdé, ará Èkìtì, ló ń gbé yàrá tó kọjú sí tiwọn. Títí ọmọ tísà àti Bàṣírátù jọ wà ní kíláàsì kan náà, ìdánwò àṣejáde wọn ku oṣù kan. Bí wọ́n bá ń gé awọ ẹran lẹ́yìnkùlé, wọ́n máa ń bi ara wọn ní ìbéèrè. Ẹni tí kò bá mọ ìdáhùn ló máa gé èyí tó le jù.

"Pọ̀nmọ́ ọ̀fẹ́ ni mo ń wá o, kì í ṣe ìfẹ́ yín," Títí sọ bó ṣe ń jókòó.

"Ọ̀jẹun! Wọn kì í ṣe pọ̀nmọ́ ní Èkìtì ni?"

Títí nawọ́ sí awọ náà. Wáyà ìsáṣọ ti ya á lọ́rùn ọwọ́ ọ̀tún láàárọ̀, ojú ibẹ̀ ṣì pupa. Bàṣírátù rí i. "Má fọwọ́ kàn án" ti dé orí ahọ́n rẹ̀. Ó wo ìyá rẹ̀ tó ń dáná tí wọ́n máa fi sun irun ara awọ. Ó gbé ọ̀rọ̀ náà mì.

Lọ́jọ́ kẹta, ohun kékeré kan wú lọ́rùn ọwọ́ Títí, bí ibi tí ẹ̀fọn jẹ. Ó ń yún un. Lọ́jọ́ kejì rẹ̀ ó gba omi sínú. Nígbà tó fi di ọjọ́ karùn-ún, àárín rẹ̀ ti dúdú bí èédú, ọwọ́ sì wú yí i ká.

"Tẹ̀ ẹ́ wò," ni Títí wí. "Kò dùn mí rárá."

Ìyá Bàṣírátù wò ó, ó mi orí. "Egbò tí kò dunni! Ẹ jẹ́ ká fi òrí pa á, ó máa lọ."

Tísà kò gbà. Ó mú Títí lọ sí ọsibítù, Bàṣírátù sì tẹ̀ lé wọn. Dókítà Olúyínká, obìnrin tí kò tíì ju ọgbọ̀n ọdún lọ, gbé ọwọ́ náà síwájú iná, ó wò ó pẹ́.

"Kí lo fi ọwọ́ yìí ṣe lọ́sẹ̀ yìí?"

"Mo bá wọn gé awọ màlúù nílé, mà."

Dókítà gbójú sókè kíá. "Màlúù wo? Ṣé ó ṣàìsàn?"

Títí kò mọ̀. Ó yíjú sí Bàṣírátù. Tísà náà yíjú sí i. Bàṣírátù rí ìsọ̀ Bọ̀dá Rájí tí wọ́n fi pákó kàn pa lójú inú rẹ̀, ó rí ìyá rẹ̀ tó káwọ́ lérí.

"Ara rẹ̀ dá ṣáṣá, mà. Ẹsẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ló fi rìn wá. Wolé-wolé lù ú lóǹtẹ̀."

Dókítà mí kanlẹ̀. "Ó dáa. Mo ti ń rò ó síbi tó burú." Ó kọ ìpara fún Títí, ó ní tí kò bá lọ kí wọ́n padà wá.

Wọ́n padà wá ní ọjọ́ méjì lẹ́yìn náà. Tísà ló gbé ọmọ rẹ̀ sọ́wọ́ bí ọmọ ìkókó. Ọwọ́ Títí ti wú dé èjìká, ó ti wú dé ọrùn, ara rẹ̀ gbóná, kò dá ẹni tó ń pè é mọ̀. Bàṣírátù ń sáré lẹ́yìn wọn láìwọ bàtà. Kí wọ́n tó tẹ́ Títí sórí bẹ́ẹ̀dì, ó ti kúnlẹ̀ síwájú dókítà.

"Irọ́ ni mo pa! Màlúù náà ṣubú, mà. Ó ń kú lọ kí wọ́n tó dú u. Ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ dúdú, kò dì. Wolé-wolé ò rí i rárá!"

Dókítà Olúyínká dúró gbagidi. Ó yíjú sí Bàṣírátù. "Áńtíráàsì, àrùn ẹran tó ń ran èèyàn. Ohun tí mo bi ọ́ gan-an nìyẹn. Mo bi ọ́! Ǹ bá ti fún un labẹ́rẹ́ níjọ́un."

Tísà kò pariwo. "Ọjọ́ méjì," ló wí. "O jókòó nílé mi lánàá, o jẹ iṣu mi."

Dókítà ti ń fún Títí ní pẹnisílíìnì bó ṣe ń sọ̀rọ̀. "Èyí á pa kòkòrò àrùn náà, sà. Ṣùgbọ́n kòkòrò náà ti tu oró sínú ẹ̀jẹ̀, pẹnisílíìnì ò sì lè mú oró. Síírọ́ọ̀mù ló lè mú un. Wọ́n máa ń fún ẹṣin ní kòkòrò yìí díẹ̀díẹ̀, lẹ́yìn tí wọ́n bá ti gba agbára lọ́wọ́ kòkòrò náà, títí ara ẹṣin á fi mọ bó ṣe máa bá a jà. Ohun ìjà tí ara ẹṣin bá ṣe, inú ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ló máa wà. Wọ́n á fa ẹ̀jẹ̀ náà, wọ́n á mú omi inú rẹ̀. Ohun ìjà inú omi yẹn ló máa di oró mú kó tó wọnú ẹran ara. Èyí tó bá ti wọlé, kò lè fà á jáde mọ́."

"Ẹ fún un nígbà náà!"

"A ò ní in níbí, sà."

Ìgbà yẹn ni Tísà tó pariwo. "Ẹ ò ní in? Ọkọ̀ sìmẹ́ńtì ìjọba kún orí òkun débi pé wọn ò ríbi já a sí! Gbogbo aráyé ń ra mọ́tò, owó epo ń ṣàn bí omi, ìgò oògùn kan ṣoṣo fún ọmọ mi, ẹ ò ní in!"

Dókítà lọ sídìí tẹlifóònù. Ó fi tó wolé-wolé létí, ó pe ibí, ó pe ọ̀hún. Ìgbà tí oòrùn ń wọ̀ ló tó rí dókítà ẹran kan tó ń jẹ́ Felix, tó ti kó ìgò síírọ́ọ̀mù mẹ́ta wá láti òkè òkun nítorí àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ tó ń fọwọ́ kan òkú ẹran. Ọkùnrin náà gbé e wá fúnra rẹ̀ nínú fúláàsì tó kún fún yìnyín. Wọ́n kọ́kọ́ fi abẹ́rẹ́ kán díẹ̀ sábẹ́ awọ ọwọ́ òsì Títí, wọ́n dúró wo bóyá ara rẹ̀ máa kọ ohun tó ti ara ẹṣin wá. Kò kọ̀ ọ́. Wọ́n fún un ní gbogbo ìgò mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, díẹ̀díẹ̀.

Níta, Bọ̀dá Rájí dé pẹ̀lú ìbínú. Wọ́n ti sọ fún un.

"Ìwọ lo tú wa fó? Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi! Ṣó o mọ̀ pé wolé-wolé ti wà ní ìsọ̀ mi báyìí? Wọ́n ti dáná sun gbogbo awọ ìyá ẹ!"

Bàṣírátù kò sọ̀rọ̀ sí àgbà báyìí rí. "Kí wọ́n sun ún! Ẹ wọlé lọ wò ó, Bọ̀dá. Ẹ wọlé! Ẹ ní ẹ̀ ń bọ́ wa. Irú ẹ̀ lẹ fi ń bọ́ wa? Ẹ rí ẹ̀jẹ̀ yẹn. Mo fi hàn yín, ẹ fi mí rẹ́rìn-ín. Ẹ kọ́ mi ní irọ́, èmi òmùgọ̀ sì lọ há a sórí bí ìwé ìdánwò!"

Nọ́ọ̀sì kan jáde, ó ní kí gbogbo ẹni tó fọwọ́ kan màlúù náà wá gba abẹ́rẹ́. Bọ̀dá Rájí ló kọ́kọ́ tò.

Lọ́jọ́ kẹrin ara Títí rọlẹ̀. Wíwú ọrùn ń lọ. Kò kú. Ṣùgbọ́n ẹran ọrùn ọwọ́ rẹ̀ ti jẹrà wọnú, ìka mẹ́ta lọ́wọ́ ọ̀tún kò ká mọ́. Kò lè di bírò mú. Kò ní lè ṣe ìdánwò lọ́dún yẹn.

Wọ́n jẹ́ kí Bàṣírátù wọlé sọ́dọ̀ rẹ̀. Ó dúró sẹ́nu ọ̀nà.

"Lọ́jọ́ tá a jọ gé awọ," Títí wí, "ṣó o mọ̀?"

"Mo rí ẹ̀jẹ̀ náà. Mo mọ̀ pé kò dáa."

"Nígbà tí dókítà bi ẹ́ ńkọ́?"

"Mo mọ̀."

Títí kò bú u. Ì bá sàn kó bú u.

Ẹ̀yin ọmọ tí ẹ̀ ń kàwé yìí, Bàṣírátù sọ òótọ́, òótọ́ náà sì gba ẹ̀mí là. Àmọ́ ó pẹ́ kó tó sọ ọ́, ohun tó ti bàjẹ́ láàárín ọjọ́ méjì yẹn, kò sí òótọ́ tó lè tún un ṣe. Bí àgbàlagbà bá ní kó o fi irọ́ bo ohun tó lè pa ẹlòmíràn, ìbáà jẹ́ ẹni tó ń fún ọ lóúnjẹ, má gbọ́ tirẹ̀. Sọ ọ́ lójú ẹsẹ̀, kí ohùn rẹ tilẹ̀ máa gbọ̀n.

"Máa lọ sílé, Bàṣírá," ni Títí wí níkẹyìn. "Lọ kàwé. Ìwọ ní ìdánwò láti ṣe." Ó sì kọjú sí ògiri.