Ẹ Ṣí Páálí Kí Ẹ Tó Gbàdúrà

Lẹ́yìn ikú Florence, ìyàwó rẹ̀, ilé Bàbá Ọlálẹ́yẹ ní Ọ̀kà dá páropáro. Àwọn ọmọ ti padà síbi iṣẹ́ wọn. Àwọn ará ìjọ tó ń wá kí i níbẹ̀rẹ̀ ti dẹ́kun. Godwin nìkan ló kù, àbúrò Florence, tó ń ta ohun èlò ìwòsàn ní Ìkàrẹ́. Gbogbo ọjọ́ Ìsinmi ló ń yà kí àna rẹ̀. Wọn a jọ jẹun, wọn a sì jọ sọ̀rọ̀ olóògbé.

Ní ọjọ́ Ìsinmi kan, Godwin fọ ọwọ́ oúnjẹ tán, ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, ẹrù yẹn ti délẹ̀ o. Lọ́la ni mò ń kó o bọ̀."

Ẹrù ibùdó ìlera Ọ̀kà ló ń wí, ìbọ̀wọ́ ìgbẹ̀bí àti abẹ́rẹ́. Bàbá ni alága ìgbìmọ̀ tó ń bójú tó ibùdó náà. Ìgbìmọ̀ kò pe oníṣòwò mìíràn rárá. Wọ́n ní ọmọ wa ni Godwin, kí la tún ń wá lọ síta?

"Ṣé ó dára?" Bàbá bi í.

"Ẹ̀gbọ́n, èwo ni ti ìbéèrè yìí? Ẹ gbàdúrà sí i, kí wọ́n ya fọ́tò, ó parí."

Bí wọ́n ṣe ń ṣe é nìyẹn. Tí ẹrù bá dé, pásítọ̀ a gbàdúrà, ààfáà náà a ṣe tirẹ̀, wọn a ya fọ́tò, páálí a sì wọ yàrá ìkẹ́rùsí láìṣí. Lójú wọn, ẹni tó bá ní kí a tú ẹrù lójú ẹni tó gbé e wá ti pe onítọ̀hún lólè. Bẹ́ẹ̀, ní ọdún tó kọjá, ìbọ̀wọ́ ya mọ́ nọ́ọ̀sì Ràfíátù lọ́wọ́ níbi tó ti ń gbẹ̀bí, ẹ̀jẹ̀ sì kan ojú ọgbẹ́ ìka rẹ̀.

Nígbà tí Godwin lọ tán, Bàbá pe Badmus lórí fóònù, apòògùn kan ní Ìkàrẹ́ tí wọ́n jọ lọ sílé ìwé.

"Ọlálẹ́yẹ, o rántí pé mo ṣì wà láyé?"

"Mo rántí. Ìmọ̀ràn ni mo fẹ́." Ó rò fún un.

Badmus ní, "Ẹ ti ṣì í láti ìbẹ̀rẹ̀. Ẹ kò pe ẹlòmíràn kí ẹ lè fi ọjà wéra. Ìwọ tó jẹ́ àna rẹ̀ sì jókòó sórí àga nígbà tí wọ́n ń yàn án."

"N kò sọ̀rọ̀ níbẹ̀."

"Ìjókòó rẹ ti sọ̀rọ̀. Ta ni yóò tako àna alága lójú alága?"

Bàbá ní, "Bí mo bá ní kí wọ́n tú ẹrù yẹn, ọmọ náà kò ní wá sílé mi mọ́."

"Ó ṣeé ṣe. N kò ní purọ́ fún ọ. Mò ń bọ̀ lọ́la, kí n bá yín yẹ̀ ẹ́ wò."

Lọ́jọ́ kejì, ní ibùdó ìlera, pásítọ̀ ti ní kí wọ́n di ojú, ni Bàbá bá dìde.

"Ẹ dákun, ẹ jẹ́ kí a ṣí páálí kí a tó gbàdúrà. Àna mi ni Godwin. Kò yẹ kí n wà níbẹ̀ nígbà tí a yàn án, n kò sì ní wà níbẹ̀ báyìí. Mọ́júbọ́lá, wá jókòó sórí àga yìí."

Mọ́júbọ́lá ni igbákejì rẹ̀. Ó wò ó tìyanu-tìyanu. "Ẹ fẹ́ tú ẹrù ọmọ wa bí ẹrù fàyàwọ́, Bàbá? Ó kù kí ẹ tú ẹrù ìyàwó níbi ìgbéyàwó."

"Ẹrù ìyàwó kì í kan ẹ̀jẹ̀," ni Bàbá wí, ó sì jáde.

Ó jókòó sórí bẹ́ǹṣì lábẹ́ fèrèsé, òun nìkan. Ó ń gbọ́ bí wọ́n ṣe ń ya páálí. Ó gbọ́ ohùn Badmus: "Ti òkè dára. Ẹ mú ti ìsàlẹ̀ wá." Ó gbọ́ omi tí wọ́n ń rọ sínú ìbọ̀wọ́. Lẹ́yìn náà ni Ràfíátù ní, "Ó ń jò. Èyí náà ń jò." Wọ́n wo abẹ́rẹ́, ọjọ́ ìlò èyí tó wà nísàlẹ̀ ti kọjá.

Badmus kò jẹ́ kí Godwin kó ẹrù náà padà. Ó ní NAFDAC ló yẹ kí wọ́n fi tó létí, kí ó má baà bọ́ sọ́wọ́ ìlú mìíràn.

Godwin jáde, ó dúró níwájú àna rẹ̀. "Bí wọ́n ṣe tà á fún mi nìyẹn. Èmi náà kò ṣí i." Ó rẹ ohùn sílẹ̀. "Ká ní ẹ̀gbọ́n mi wà láyé ni, ẹ kò ní ṣe èyí fún mi."

Godwin wọ ọkọ̀ rẹ̀, ó lọ.

Ìgbìmọ̀ wá kéde lọ́jà Ọ̀kà àti ti Ìkàrẹ́ pé kí ẹni tó bá ń ta irú ọjà bẹ́ẹ̀ mú àpẹẹrẹ àti iye rẹ̀ wá. Naomi, obìnrin kan láti Ugbe tí ẹnikẹ́ni kò mọ̀ rí, ló yege. Tirẹ̀ kọ́ ló pọ́ọ́kú jù, ṣùgbọ́n kò jò. Lọ́jọ́ tó kó ẹrù dé, Mọ́júbọ́lá fúnra rẹ̀ ló ń ya páálí.

"Ẹ tú u dáadáa o," ni Naomi wí, "kí ẹ má baà tún pè mí padà láti Ugbe."

Godwin kò wá ní ọjọ́ Ìsinmi tó tẹ̀ lé e, kò sì wá lẹ́yìn rẹ̀. Bí Bàbá bá gbọ́ ìró ọkọ̀ lójú títì, a gbórí sókè, ọkọ̀ náà a sì kọjá lọ.

Ẹ̀yin tí ẹ wà nínú ìgbìmọ̀ ìlera, owó gbogbo ìlú lẹ fi ń rajà. Ẹ kéde rẹ̀ kí gbogbo oníṣòwò gbọ́. Ẹ fi ọjà wé ọjà, ẹ má fi ọmọ wé ọmọ. Ẹ wo nọ́ńbà NAFDAC àti ọjọ́ ìlò, ẹ má sì jẹ́ kí ọ̀pọ́ọ́kú nìkan fà yín. Ẹni tó bá bá ọlọ́jà tan, kí ó sọ ọ́ síta, kí ó sì bọ́ sẹ́yìn. Bí ẹrù bá dé, ẹ tú u látòkè dé ìsàlẹ̀ lójú gbogbo ènìyàn, ìbáà jẹ́ ọmọ yín ló gbé e wá. Lẹ́yìn ìyẹn ni kí ẹ gbàdúrà.

A kò sọ pé kò ní dùn yín. Ó lè sọ ilé yín di ahoro. Ṣùgbọ́n obìnrin tó wà lórí ìkúnlẹ̀ kì í bèèrè ọmọ ta ló ta ìbọ̀wọ́. Kí ó má ṣáà ya.