Orí Kẹrin Ìwé Qúdrát

Bàtà kan ṣoṣo ló wà lẹ́sẹ̀ Qúdrát nígbà tí Jàfárù kọ́kọ́ rí i. Okùn èkejì ti já, ó ti tì í sábẹ́ tábìlì nínú yàrá kékeré kan nílé ìkàwé ní Largo, ní ìpínlẹ̀ Maryland l'Amẹ́ríkà, ṣùgbọ́n kò torí ìyẹn dúró. Ó ń lọ, ó ń bọ̀, ẹsẹ̀ kan ga, ẹsẹ̀ kan kúrú, híjáàbù aláwọ̀ ewé rẹ̀ ń yọ̀ sẹ́yìn, ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì sì ń bá ẹnu rẹ̀ sọ̀rọ̀. Èèyàn mọ́kànlá ló jókòó tí wọ́n ń gbọ́ ọ. Jàfárù ló ṣe ìkejìlá.

Kì í ṣe ọ̀rọ̀ Qúdrát ló bá wá. Ilé ìwòsàn ló ti ń bọ̀, níbi tó ti ń ya x-ray fún àwọn aláìsàn. Mọ́tò rẹ̀ wà lọ́dọ̀ mẹkáníìkì, òjò sì lé e wọlé. Ó rò pé òun kò ní ju ìṣẹ́jú márùn-ún lọ níbẹ̀. Nígbà tí òjò dá, kò tilẹ̀ mọ̀.

Ìwé ìtàn àròsọ tí àwọn onílẹ̀ Ọsirélíà ń kọ ni Qúdrát ń sọ̀rọ̀ lé lórí. Ó ní àwọn èèyàn wọ̀nyí ti wà lórí ilẹ̀ wọn láti ayébáyé kí òyìnbó tó gúnlẹ̀ síbẹ̀, tí wọ́n sọ pé ilẹ̀ tí kò lẹ́ni ni. Ó ní nínú ìwé wọn, àwọn ẹ̀dá àkọ́kọ́ tó la odò, tó mọ òkè, ṣì ń rìn láàárín èèyàn títí dòní. Ṣùgbọ́n àwọn lámèyítọ́ tó ń fi ojú amúnisìn ka irú ìwé bẹ́ẹ̀ máa ń fi ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo bò ó mọ́lẹ̀, wọ́n á ní ìtàn ìwáṣẹ̀ lásán ni.

Jàfárù nawọ́ sókè.

"Àwọn tó ni nǹkan ọ̀hún," ó fi Gẹ̀ẹ́sì béèrè, "kí ni wọ́n ń pè é?"

Qúdrát dúró fún ìgbà àkọ́kọ́. "Òfin. Òfin ni wọ́n ń pè é."

"Ẹ̀yin náà ń pè é ní ìtàn ìwáṣẹ̀ láti ìgbà tí mo ti wọlé. Mo ti gbọ́ ọ tó ìgbà méje."

Àwọn kan rẹ́rìn-ín. Ojú ti Qúdrát, inú sì bí i díẹ̀, ṣùgbọ́n nígbà tí gbogbo rẹ̀ parí, ọ̀dọ̀ Jàfárù ló kọ́kọ́ lọ, bàtà jíjá lọ́wọ́ rẹ̀.

"Yorùbá ni yín," ó ní. "Mo gbọ́ ọ nínú Gẹ̀ẹ́sì yín."

"Ìlú kékeré kan lẹ́bàá Ìsẹ́yìn ni mo ti wá. Jàfárù lorúkọ mi. Kí lẹ ń pe àwọn èèyàn yẹn ní Yorùbá?"

"Tí mo bá ń ṣàlàyé fún màámi, ọmọ onílẹ̀ ni mo máa ń pè wọ́n."

Jàfárù rẹ́rìn-ín títí ó fi di ògiri mú. "Ọmọ onílẹ̀? Àwọn tí wọ́n ń dá bíríkìlà dúró l'Ékòó?"

"Ohun tí màámi náà sọ nìyẹn. Wọ́n ní ṣé torí àwọn jàǹdùkú ni mo ṣe ń kàwé ní gbogbo ọdún wọ̀nyí."

Jàfárù gba bàtà náà lọ́wọ́ rẹ̀, ó yọ ìdì pílásítà kan nínú àpò aṣọ iṣẹ́ rẹ̀, ó sì fi di okùn náà pọ̀ bí ẹni ń di ọgbẹ́. "Yóò gbé yín délé," ó ní. "Ẹ máà fi sáré o, Ọ̀mọ̀wé."

Báyìí ni ó ṣe bẹ̀rẹ̀.

Ẹni ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n ni Qúdrát. Ó kúrò n'Íbàdàn nígbà tó wà lọ́mọ ọdún mẹ́sàn-án, láti ìgbà náà kò sí ibi tí ara rẹ̀ ti balẹ̀. Ó ti kó kúrò nílé lẹ́ẹ̀marùn-ún láàárín ọdún mẹ́fà. Yàrá tó ń gbé báyìí wà lókè ṣọ́ọ̀bù onígbàjámọ̀ kan ní Riverdale Park, àpótí ìwé rẹ̀ mẹ́rin ṣì wà ní dídì. Jàfárù náà kò yàtọ̀. Ó ti ṣiṣẹ́ ní ìpínlẹ̀ mẹ́ta kó tó dé Maryland. Àwọn méjèèjì kì í lè jókòó jẹun kí wọ́n má dìde lẹ́ẹ̀mejì.

Nítorí náà, wọn kì í jókòó. Ìrìn ni wọ́n ń rìn. Ní gbogbo ọ̀sán Sátidé, wọ́n á gba ọ̀nà etí odò láti Riverdale Park lọ sí Bladensburg, Qúdrát á máa sọ̀rọ̀ ìwé, Jàfárù á máa yọ ọ́ lẹ́nu. Kò pẹ́ tí "ẹ" di "o" láàárín wọn, tí "Ọ̀mọ̀wé" sì di "Ọ̀mọ̀wé mi."

Ní ọjọ́ kan tí afẹ́fẹ́ ń fẹ́ gan-an, Jàfárù sọ̀rọ̀ láìwo ojú rẹ̀.

"O ń béèrè ìdí tí mo fi bi ọ́ ní ìbéèrè yẹn níjọ́sí. Ìtàn kan wà nílé wa, nípa ibi tí odò wa gbé yí. Àwọn ìyàwó ilé nìkan ni wọ́n ń sọ ọ́ fún. Ọkùnrin kì í gbọ́ ọ. Òyìnbó kan wá nígbà tí bàbá mi wà ní kékeré, ó sì lo oṣù mẹ́ta. Ìyá mi àgbà fẹ́ràn rẹ̀. Wọ́n ń se oúnjẹ fún un, wọ́n ń pè é lọ́mọ. Wọ́n wá sọ ìtàn náà fún un, torí wọ́n rò pé àlejò ni, kò ní bá a dé ibì kankan. Ó tẹ̀ ẹ́ sínú ìwé. Ó tún fi fọ́tò wọn sí i."

"Kí làwọn ará ilé ṣe?"

"Wọn ò ṣe nǹkan kan. Wọn ò kàn bá ìyá mi àgbà jókòó mọ́. Ọgbọ̀n ọdún. Ìyá mi àgbà yìí ni wọ́n tọ́ mi dàgbà, Qúdrát, wọn ò pa àlọ́ kankan fún mi rí títí wọ́n fi kú."

Qúdrát di ọwọ́ rẹ̀ mú. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn. "Ìwé náà ńkọ́?"

"Mi ò wá a rí."

"Èmi náà ò ní wá a," ó ní, ó sì mú ìlérí náà ṣẹ.

Ṣùgbọ́n orí kẹrin ìwé ìwádìí tó ń kọ fún oyè ọ̀mọ̀wé ti há láti oṣù mẹ́jọ. Stephanie, ọ̀jọ̀gbọ́n tó ń bójú tó iṣẹ́ rẹ̀ ní yunifásítì, ti sọ fún un pé ọgbọ́n ẹlòmíràn ló pọ̀ níbẹ̀, ẹ̀jẹ̀ Qúdrát fúnra rẹ̀ kò sí nínú rẹ̀. Ìyá àgbà Jàfárù kò sì kúrò lọ́kàn rẹ̀. Ó ń bá a jí, ó ń bá a wọ ọkọ̀. Ní àárọ̀ ọjọ́ kan, ó jókòó kọ ọ́, kò sì dìde títí ilẹ̀ fi ṣú. Gbogbo orí kẹrin jáde lẹ́ẹ̀kan náà.

Stephanie kà á, omi bọ́ lójú rẹ̀. Ìwé ìròyìn àwọn lámèyítọ́ kan gbà láti tẹ̀ ẹ́ jáde. Yunifásítì kan ní Ọsirélíà kọ̀wé pé kí Qúdrát wá fi ọdún méjì ṣèwádìí lọ́dọ̀ àwọn, bó bá ti lè parí iṣẹ́ rẹ̀ kí ọdún tó yí.

Ó fẹ́ fi ya Jàfárù lẹ́nu. Ó ní kó wá jókòó síwájú nínú gbọ̀ngàn lọ́jọ́ tí òun máa ka orí náà. Jàfárù wọ aṣọ tuntun wá. Ó gbọ́ nípa obìnrin kan lẹ́bàá Ìsẹ́yìn tó ń se oúnjẹ fún òyìnbó, tí ilé rẹ̀ pa tì, tí kò pàlọ́ fún ọmọ-ọmọ rẹ̀ rí. Ó gbọ́ bí àwọn èèyàn ṣe ń mí kanlẹ̀ lẹ́yìn rẹ̀. Kí wọ́n tó pàtẹ́wọ́ tán, ó ti jáde.

Qúdrát bá a níbi tí wọ́n ń gbé mọ́tò sí. "Mi ò dárúkọ wọn. Mi ò sọ ìtàn náà. Mi ò tilẹ̀ mọ̀ ọ́n."

"O sọ pé ọmọ-ọmọ kan ò gbọ́ àlọ́ rí. Ọmọ-ọmọ ta ni?"

"Mo fi gbè wọ́n ni, Jàfárù. Mo rò pé inú rẹ á dùn."

"Bóyá ohun tí òyìnbó yẹn náà rò nìyẹn." Ohùn rẹ̀ kò ga. "Inú èèyàn ni mò ń yà ní fọ́tò lójoojúmọ́. Èmi kì í ya ti ẹnikẹ́ni láìkọ́kọ́ bi í. Ìwọ ya tèmi, o wá gbé e kọ́ sára ògiri."

Ó wọ mọ́tò rẹ̀, ó lọ.

Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta kọjá, Jàfárù kò gbé fóònù. Qúdrát kò lè kàwé, kò lè sùn, kò sì lè dúró nílé. Á wa mọ́tò gba títì Route 5 lọ, á tún yí padà. Nígbà tó yá, ó yà sí Clinton, nílé ìyá rẹ̀, Alhaja Abibat, nọ́ọ̀sì tó ti fẹ̀yìn tì. Alhaja kò fi taratara fẹ́ Jàfárù. Ó máa ń sọ pé ẹni tí kì í pẹ́ níbì kan kì í ṣọkọ ẹni, pé Basit tó jẹ́ apòògùn, tí wọ́n jọ ń kírun ní mọ́ṣáláṣí, ń béèrè Qúdrát. Qúdrát rò pé inú ìyá òun á dùn sí ìjà yìí. Ó rò ó fún un láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin.

"Ṣé o bi í kó o tó kọ ọ́?" Alhaja béèrè.

"Òun fúnra rẹ̀ ló sọ ọ́ fún mi, màámi."

"Mo ní ṣé o bi í."

Qúdrát mú ọ̀kan nínú aṣọ tí ìyá rẹ̀ ń ká, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ká a.

Alhaja ká aṣọ tó ń ká lọ́wọ́ tán. "Lọ́dún tí bàbá rẹ kú, o kọ nǹkan kan ní kọ́lẹ́jì. Ọ̀rẹ́ mi kan rí i lórí íńtánẹ́ẹ̀tì, ó fi hàn mí. Bí mo ṣe jókòó sílẹ̀ nílé ìdáná, tí mò ń fi aṣọ bàbá rẹ nu ojú. Mo rò pé èmi nìkan ni mo wà níbẹ̀ lọ́jọ́ náà."

"Màámi, ẹ ò sọ fún mi rí."

"Ọmọ mi ni ọ́. Ọmọ ẹni ò ṣe é tì síta. Ṣùgbọ́n Jàfárù kọ́ ló bí ọ."

Qúdrát kúnlẹ̀ níbẹ̀ láàárín aṣọ, ó gbórí lé itan ìyá rẹ̀, ó sì tọrọ àforíjì ohun tó ti pé ọdún mọ́kànlá. Igba ojú ìwé ló ti kọ nípa àwọn tó ń kó ọ̀rọ̀ onílé lọ láìbéèrè. Ó wá yé e pé òun wà lára wọn.

Ní ọjọ́ Mọ́ńdè, ó yọ orí kẹrin kúrò. Ó kọ̀wé sí ìwé ìròyìn náà pé kí wọ́n má tẹ̀ ẹ́ mọ́. Stephanie gbìyànjú láti yí i lọ́kàn padà. "O máa fi ọdún kan pẹ́ sí i," ó ní, "Ọsirélíà sì lè bọ́ mọ́ ọ lọ́wọ́."

"Mo mọ̀," Qúdrát ní.

Aago mẹ́ta ọ̀sán ni Jàfárù máa ń parí iṣẹ́. Ó bá Qúdrát lẹ́nu ọ̀nà ilé ìwòsàn.

"Mo ti yọ ọ́," Qúdrát ní. "Mi ò wá torí kó o dárí jì mí. Mo kàn fẹ́ kó o mọ̀ pé kò sí níbì kankan mọ́."

Jàfárù wò ó. Ó ti rù. "Kí lo máa fi dí i?"

"Màá kọ ọ́ pé àwọn ilẹ̀kùn kan wà tí lámèyítọ́ kò gbọdọ̀ ṣí, bó ti wù kó fẹ́ràn ilé náà tó. Yóò gbà mí lọ́dún kan."

"Ọsirélíà ńkọ́?"

"Mo ní kí wọ́n dúró dè mí. Mi ò mọ̀ bóyá wọ́n á dúró."

Jàfárù gbé àpò rẹ̀ láti èjìká ọ̀tún sí òsì. "Ṣé o ti jẹun?" ó béèrè.

"Rárá."

"Jẹ́ ká lọ, Ọ̀mọ̀wé mi. A kì í fi ebi bẹ èèyàn."

Kò dárí jì í lọ́jọ́ kan. Díẹ̀díẹ̀ ni. Oṣù Ògún ni ó tó pe ilé, tó sọ gbogbo rẹ̀ fún Ìyá Kúlísúmù, ìyàwó àgbà ilé wọn, orogún ìyá rẹ̀ àgbà, ẹni tó kọ́kọ́ kọ̀ láti bá a jókòó. Ìyá àgbàlagbà náà ní kí wọ́n fún òun ní ọmọbìnrin ọ̀hún lórí fóònù.

"Ìwọ lo fẹ́ gbọ́ ìtàn wa?"

"Rárá, mà. Mo fẹ́ tọrọ àforíjì ni."

Ìyá Kúlísúmù ní, "A fìyà jẹ orogún mi ju bó ṣe yẹ lọ. Èmi gan-an ni. Tó o bá fẹ́ ọmọ wa, ìyàwó ilé ni ọ́, màá sọ ọ́ fún ọ bí wọ́n ṣe sọ ọ́ fún mi. Ṣùgbọ́n tó o bá ti gbọ́ ọ, o ò lè kọ ọ́ láéláé."

Qúdrát wo Jàfárù. "Kí n fẹ́ ẹ, kẹ́ ẹ má sọ ọ́ fún mi, mà," ó ní. "Kó má baà rò pé torí ìtàn ni."

Ẹ̀rín ìyá náà dún láti Ìsẹ́yìn dé Maryland. "Jàfárù, fẹ́ èyí kíákíá."

Nígbà tí Alhaja Abibat gbọ́, kò dárúkọ Basit mọ́. "Ẹni tó bínú báyìí torí ìyá rẹ̀ àgbà," ó ní, "kò ní jẹ́ kí wọ́n rí èmi náà fín." Ní oṣù tó tẹ̀ lé e, lẹ́tà dé láti Ọsirélíà pé wọ́n á dúró fún ọdún kan. Jàfárù bẹ̀rẹ̀ sí í ka òfin tó de àwọn tó ń ya x-ray níbẹ̀.

Àlùfáà Zakariyya so yìgì wọn ní pálọ̀ Alhaja ní Clinton, lọ́sàn-án Sátidé kan, èèyàn kò pé ogún. Wọn kò tíì gbé oúnjẹ tí fóònù Qúdrát fi dún. Ó rí orúkọ Ìyá Kúlísúmù lára rẹ̀, ó wọ yàrá ìyá rẹ̀, ó sì ti ilẹ̀kùn. Alhaja tẹ̀ lé e dé ẹnu ọ̀nà, ó rántí pé òun kì í ṣe ìyàwó ilé náà, ó sì padà.

Jàfárù jókòó sílẹ̀ ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ nínú agbádá rẹ̀. Ó dìde. Ó lọ mu omi. Ó padà wá. Ó gbọ́ tí Qúdrát rẹ́rìn-ín, lẹ́yìn náà kò gbọ́ nǹkan kan, lẹ́yìn náà ó gbọ́ "bẹ́ẹ̀ ni, mà" ní ohùn kan tí kò gbọ́ lẹ́nu rẹ̀ rí. Ó tó ogójì ìṣẹ́jú.

Ilẹ̀kùn ṣí. Tìróò Qúdrát ti ṣàn dé ẹ̀rẹ̀kẹ́. Ó jókòó tì í sílẹ̀, ó gbórí lé e léjìká.

"Wọ́n kí ọ," ó ní.

Jàfárù mi orí. Kò béèrè nǹkan kan.

"Ṣé kò dùn ọ́ pé mo mọ̀ ọ́n, ìwọ ò mọ̀ ọ́n?"

"Ó dùn mí díẹ̀," Jàfárù ní. "Ṣùgbọ́n ẹnì kan ti wà nílé mi báyìí tó mọ̀ ọ́n."

Qúdrát fa ọwọ́ rẹ̀ mọ́ra. Láti pálọ̀, wọ́n ń pe tọkọtaya kí wọ́n wá jẹun, ṣùgbọ́n kò sáré dìde.

"Tí Ọlọ́run bá fún wa lọ́mọkùnrin," ó sọ̀rọ̀ jẹ́jẹ́, "ìyàwó rẹ̀ ni màá sọ ọ́ fún. Bó gba ọgbọ̀n ọdún, màá dúró dè é."