Ọjọ́ Orí Ignatius

Lẹ́tà tó dé Odode lọ́sàn-án ọjọ́ náà kò fẹ̀ ju àtẹ́lẹwọ́ ọmọdé lọ, ṣùgbọ́n ariwo tó dá sílẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ ṣí àpáta Ìdànrè nídìí. Ògúnbọ̀dé ń fi ẹsẹ̀ da kòkó tó sá sórí ẹní nígbà tí Ìbílọlá, opó àbúrò rẹ̀, gbé e wá. Eré tí obìnrin náà ń sá, bí ẹni pé oyin ń lé e ni.

Ignatius, ọmọ Ìbílọlá, ló kọ lẹ́tà náà. Akọ̀wé ìjọba ni Ignatius. Àkúrẹ́ ló ti bẹ̀rẹ̀, ó ń da lẹ́tà ọlọ́lẹ́tà kọ. Wọ́n gbé e lọ sí Ọ̀yọ́, wọ́n gbé e lọ sí Bìní, wọ́n tún gbé e padà, kò sì pẹ́ dé ibi iṣẹ́ lọ́jọ́ kan rí. Àwọn ará ilé rẹ̀ a máa sọ pé bí ó bá ń kọ̀wé, èéfín a máa rú lẹ́nu gègé rẹ̀.

Wàyí o, ìjọba fẹ́ sọ ọ́ di igbákejì ọ̀gá àgbà n'Íbàdàn, lórí àga tó jẹ́ pé òyìnbó nìkan ló ti ń jókòó sí i. Ohun kan ṣoṣo ló kù: ìwé ìbúra tí yóò sọ ọjọ́ orí rẹ̀. Kò sẹ́ni tó kọ ọjọ́ tí wọ́n bí i sílẹ̀, bàbá rẹ̀ sì ti kú. Nítorí náà, àgbà ilé ni yóò bá a lọ búra ní kóòtù. Ó ní òun ń bọ̀ lọ́jọ́ Ajé wá mú Ògúnbọ̀dé, ẹ̀gbọ́n bàbá òun.

Ọ̀rọ̀ náà ì bá rọrùn, bí kò bá jẹ́ pé Ọ̀ṣúndé aládùúgbò wà níjókòó. Ẹ̀ẹ̀mejì péré ni Ọ̀ṣúndé dé Àkúrẹ́ láyé rẹ̀, ó sì sùn nínú lọ́rì lẹ́ẹ̀kan nínú méjèèjì, ṣùgbọ́n kò sí àṣírí ìjọba tí kò mọ̀. Ó ní ìjọba kì í fi àgbà sípò tuntun. Bí wọ́n bá gbọ́ pé Ignatius ti ju ọmọ ọgbọ̀n ọdún lọ, wọn yóò ní kí ó máa lọ sinmi nílé.

"Ẹ̀gbọ́n, ohun tí ẹ ó sọ ò le," ló wí. "Ẹ ní ìsàlẹ̀ níbí la bí i sí, lọ́dún tí a sọ̀kalẹ̀ lórí òkè."

Ẹ má dá Ìbílọlá lẹ́bi pé ó gbà. Èèkàn tí gbogbo ará Ìdànrè ń so ọjọ́ orí mọ́ ni ọdún tí a sọ̀kalẹ̀ yẹn, ọdún tí gbogbo ìlú kó kúrò lórí àpáta wá tẹ̀dó sí ìsàlẹ̀. Ẹni tó ń wá oyè a ní òun ti dàgbà tán kí a tó kúrò lókè. Ẹni tó ń wá ìyàwó tuntun a ní ìsàlẹ̀ ni wọ́n bí òun sí, kódà kí irùngbọ̀n rẹ̀ funfun ju òwú lọ.

Ṣùgbọ́n ọkàn Ògúnbọ̀dé kò balẹ̀. Irin ni yóò fi búra, irin kò sì mọ ọmọ ẹni. Bí ó bá sọ òtítọ́, bóyá òun ni yóò fọwọ́ ara rẹ̀ ba iṣẹ́ ọmọ jẹ́. Bí ó bá purọ́, ọ̀ràn dé. Ìrònú mú un tó bẹ́ẹ̀ tí òkèlè iyán rẹ̀ kò fi ju orí ọmọ tuntun lọ mọ́.

Nígbà tó di ọjọ́ kẹta, ó gba ilé Fọláyan lọ. Ọgbọ̀n ọdún ni Fọláyan fi jẹ́ akọ̀wé kóòtù kó tó fẹ̀yìn tì. Ó gbọ́ ọ̀rọ̀ náà délẹ̀, ó sì bi í bóyá ó rántí ọjọ́ tí ilé wọn sọ̀kalẹ̀.

"Ta ni yóò gbàgbé? Orúnkún mi ṣì ń ṣépè fún àtẹ̀gùn òkè yẹn."

"Bàbá, ta ló ru odó ilé yín sọ̀kalẹ̀?"

Ẹ̀rín pa Ògúnbọ̀dé. "Ignatius mà ni. Odó tí géńdé méjì ń fà tì! Ọmọ náà rù ú, ó tún ń súfèé."

Fọláyan wò ó títí. "Ẹ sì fẹ́ lọ búra pé ọdún yẹn gan-an la bí i."

Ògúnbọ̀dé ṣí fìlà rẹ̀, ó ń fi fẹ́ ara.

Fọláyan wá là á yé e. Ó ní gbogbo òṣìṣẹ́ ìjọba ló ní fáìlì, ọjọ́ tí ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ sì wà níbẹ̀. Ọdún keje tí a sọ̀kalẹ̀ ni Ignatius wọ iṣẹ́. Ṣé ìjọba wá gba ọmọ ọdún méje tí eyín rẹ̀ ò tíì pààrọ̀ tán síṣẹ́ akọ̀wé? Bí ìbúra bá ta ko fáìlì, ipò tuntun lọ nìyẹn, èyí tó wà lọ́wọ́ rẹ̀ pàápàá lè bá a lọ. Ẹni tó bá sì búra èké, ẹ̀wọ̀n ń dúró dè é.

"Òtítọ́ náà ńkọ́?" ni Ògúnbọ̀dé béèrè. "Ṣé kò ní lé e kúrò?"

Fọláyan ní kí àwọn kọ́kọ́ ṣírò ọdún ná. Àrùn lùkúlùkú tó ń pa ilé-pa-ọ̀nà nígbà kan, ṣé wọ́n ti bí Ignatius kó tó dé? Ògúnbọ̀dé ní oyún rẹ̀ wà nínú Ìbílọlá nígbà náà; kò pé oṣù mẹ́fà lẹ́yìn náà tó fi bí i. Fọláyan fi ẹfun fa ìlà sára ògiri, ó kà á lẹ́ẹ̀mejì.

"Ọdún méjìdínlógójì ni. Ìjọba ò lé ẹni ọdún méjìdínlógójì, Bàbá. Ọdún márùn-úndínlọ́gọ́ta ni ọ̀gá ń fẹ̀yìn tì. Kí wọ́n lè mọ ọjọ́ náà, kí pẹ́ńṣàn rẹ̀ lè ṣe déédéé, ni wọ́n ṣe ń béèrè. Ọdún mẹ́tàdínlógún ṣì wà níwájú ọmọ yín."

Ògúnbọ̀dé mí kanlẹ̀. Adìẹ mẹ́ta tó wà lẹ́nu ọ̀nà rò pé ìjì dé, wọ́n sá wọlé. Lálẹ́ ọjọ́ náà, ó jẹ iyán tán, ó tún bi Ìbílọlá bóyá ó kù.

Nígbà tí Ignatius dé lọ́jọ́ Ajé, ìyá rẹ̀ fà á sí kọ̀rọ̀, ó ní bóyá kí wọ́n kàn gé e kù díẹ̀, bí ọdún márùn-ún péré.

"Ìyá mi," ni Ignatius wí, "ogún ọdún ni mo ti ń kọ òótọ́ sínú ìwé ìjọba. Ẹ má jẹ́ kí ọjọ́ orí mi jẹ́ irọ́ àkọ́kọ́."

Ọ̀ṣúndé kò jáwọ́. Ó tẹ̀ lé wọn dé ìdí lọ́rì, ó ń sọ wúyẹ́wúyẹ́. Ògúnbọ̀dé bá yíjú sí i.

"Ìwọ ńkọ́, níbo la bí ọ sí?"

"Ìsàlẹ̀ níbí ni o, ẹ̀gbọ́n."

"Ìwọ tí o ti fẹ́ ìyàwó méjì lókè."

Ẹ̀rín tí àwọn èrò lọ́rì rín ló sìn wọ́n títí wọ́n fi wọ Àkúrẹ́. Ní kóòtù, Ògúnbọ̀dé gbọ́wọ́ lé irin, ó sì sọ ohun tó mọ̀. Oṣù kejì kò tíì pé tí ìròyìn fi dé: Ignatius ti jókòó sórí àga náà. Ìbílọlá sunkún ayọ̀, ó ní òun fẹ́rẹ̀ẹ́ fi ìfẹ́ gba oúnjẹ lẹ́nu ọmọ òun.

Ẹ̀yin ará wa, láti Odode títí dé Ofosu, ẹ̀yin onílẹ̀ àti ẹ̀yin tí ẹ wá ṣiṣẹ́ oko kòkó, ẹ má ṣe bu ọdún kù, ẹ má sì ṣe bù ú kún fún ẹnikẹ́ni ní kóòtù. Bí ọ̀rọ̀ ìjọba bá rú yín lójú, ẹ bi ẹni tó ṣe iṣẹ́ náà rí. Ẹ má bi ẹni tí ẹnu rẹ̀ kàn yá. Bí ọmọ tuntun bá dé, kí wọ́n tó sọ ọ́ lórúkọ ni kí ẹ ti mọ ọjọ́ rẹ̀ dájú. Lẹ́yìn náà, ẹ lọ kọ ọ́ sílẹ̀ ní ọ́fíìsì káńsù, kí ẹ sì tọ́jú ìwé rẹ̀ síbi tí ikán ò lè dé. Àgbà tó mọ ọjọ́ ìbí ọmọ lónìí lè má sí láyé lọ́jọ́ tí ìjọba bá béèrè.